Fi Okùn Lé Wọn Lọ́wọ́: Bí A Ṣe Ń Mú Òǹwòran Wọ Inú Iṣẹ́ Àfaraṣe

Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo gbé okùn mi síwájú èrò, odindi ìṣẹ́jú 40 ni ẹnikẹ́ni ò fọwọ́ kàn án. Mo jókòó sórí àpótí, mo pa ẹnu mọ́, okùn náà ká jọ síwájú ẹsẹ̀ mi bí ejò tó ń sùn. Àwọn èèyàn fẹ̀yìn ti ògiri, wọ́n ń wo ojú ara wọn. Ẹnì kan wúkọ́. Ẹnì kan yọ fóònù, ó tún tì í bọ àpò. Nígbà tó yá, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í yọ́ jáde lọ́kọ̀ọ̀kan bí ẹni tó ṣèèṣì wọ ilé onílé. Mo sunkún lálẹ́ ọjọ́ yẹn, torí mo rò pé iṣẹ́ mi ni wọn ò fẹ́. Ó pẹ́ kó tó yé mi pé wọn ò mọ ohun tí mo fẹ́ kí wọ́n ṣe ni, àti pé èmi gan-an ò tíì mọ̀ ọ́n.

Ó ti pé ọdún 14 báyìí tí mo ti ń ṣe iṣẹ́ àfaraṣe. Àwọn ọ̀dọ́ tó ń bẹ̀rẹ̀ máa ń bi mí pé báwo ni mo ṣe ń ṣe é tí ẹni tó wá wòran fi ń di ẹni tó ń bá mi ṣiṣẹ́. Orí ìdúró ni mo ti máa ń dá wọn lóhùn, mo wá ní kí n jókòó kọ ọ́ dáadáa. Bí mo bá ń pè ọ́ ní "o" nínú ohun tí mo kọ yìí, má ṣe bínú, ọ̀rọ̀ ẹ̀gbọ́n sí àbúrò ni.

Ohun tí mo ń pè ní iṣẹ́ àfaraṣe ni iṣẹ́ ọnà tó jẹ́ pé ara oníṣẹ́ fúnra rẹ̀ ni igi tó ń gbẹ́, òun náà ni aṣọ tó ń rẹ láró. Mi ò sọ ìtàn kankan, mi ò ṣe bí ọba, mi ò ṣe bí ìyàwó ẹnikẹ́ni. Èmi ni mo jókòó síbẹ̀, wákàtí tó sì ń lọ ni wákàtí tòótọ́. Nínú eré orí ìtàgé, bí gbogbo ìjókòó bá ṣófo, àwọn òṣèré ṣì lè ṣe eré wọn láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Nínú irú èyí tí mo ń sọ, bí ẹnikẹ́ni ò bá dìde, iṣẹ́ ò tíì bẹ̀rẹ̀.

Ó ti pẹ́ tí àwọn èèyàn ti ń wá ọ̀nà sí i. Ní ọdún 1959, oníṣẹ́ ọnà kan, Allan Kaprow, pe àwọn èèyàn wá sí Reuben Gallery, gbọ̀ngàn iṣẹ́ ọnà kan ní New York. Ó fi ọ̀rá pín ibẹ̀ sí yàrá mẹ́ta, ó sì fún oníkálukú ní káàdì tó sọ ibi tó máa jókòó sí àti ìgbà tó máa dìde lọ sí yàrá mìíràn. Ohun tó fi lé wọn lọ́wọ́ ò ju káàdì lọ. Síbẹ̀, ẹni tó bá ti gba káàdì yẹn ti ní iṣẹ́ tó máa ṣe, ó sì ti mọ ìgbà tó máa ṣe é. Ìmọ̀ràn mi kò ju ìyẹn lọ: fún wọn ní nǹkan kan dì mú, kí nǹkan náà sì sọ fún wọn ohun tí ọwọ́ máa ṣe.

Mú ìṣe ẹyọ kan

Bẹ̀rẹ̀ láti orí ọ̀rọ̀ tó ń sọ ohun tí ọwọ́ tàbí ẹsẹ̀ ń ṣe: gé, ta, tú, dà, kọ, jókòó. Kó jẹ́ ẹyọ kan. Bí o ò bá lè fi ọ̀rọ̀ kan sọ ohun tí o fẹ́ kí òǹwòran ṣe, iṣẹ́ náà ò tíì jinná.

Nígbà tí oníṣẹ́ ọnà ará Japan, Yoko Ono, ṣe iṣẹ́ rẹ̀ tó ń jẹ́ Cut Piece ní Kyoto ní ọdún 1964, ó wà lórí ìtàgé, àlùmọ́gàjí wà níwájú rẹ̀, àwọn èèyàn sì ń gòkè wá lọ́kọ̀ọ̀kan láti gé díẹ̀ lára aṣọ tó wọ̀. Gígé, kò sí nǹkan mìíràn. Láti ọdún 1979 sí 1980, oníṣẹ́ ọnà mìíràn, Mierle Laderman Ukeles, yí New York ká, ó ń bọ àwọn òṣìṣẹ́ tó ń kó ìdọ̀tí ìlú náà lọ́wọ́, ó sì ń dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn pé àwọn ló ń mú ìlú náà wà láàyè. Ó bọ èèyàn tó lé ní 8,500 lọ́wọ́. Ìbọnilọ́wọ́ nìkan náà nìyẹn.

Wo bí ìṣe méjèèjì ṣe kéré tó, kí o sì wo àyè tó wà nínú wọn. Ẹni tó mú àlùmọ́gàjí lè gé etí aṣọ bíńtín, ó lè gé ibi tí kò yẹ kí ó gé. Òun ló máa yàn án, gbogbo èèyàn á sì rí ohun tó yàn. Irú ìṣe tí mo ní kí o wá nìyẹn: kí ọmọdé lè ṣe é, kí ìwà ẹni tó ń ṣe é sì hàn nínú rẹ̀.

Lórí okùn mi, mo gbìyànjú mẹ́rin kí n tó rí i. Mo kọ́kọ́ ní kí wọ́n fà á. Wọ́n fà á, ẹ̀rín sọ, ó di eré ìje, kò sẹ́ni tó rántí mi mọ́. Mo ní kí wọ́n gé e, kò tó ìṣẹ́jú 20 tí okùn tán. Mo ní kí wọ́n ká a, wọ́n ká a dáadáa, ó wà ní mímọ́ tónítóní, kò sì sí nǹkan kan nínú rẹ̀. Ìgbà tí mo dé orí "ta kókó" ni ara mi balẹ̀. Kókó gba ọwọ́ méjèèjì. Ó gba pé kí èèyàn tẹ orí ba, kó wo ohun tó ń ṣe fún bíi ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá. Èèyàn lè ta á pẹ̀lẹ́, èèyàn lè fi gbogbo agbára fà á títí eegun ọwọ́ á fi yọ. Kò sì sẹ́ni tó lè di fóònù mú kó tún ta kókó. Láti ọjọ́ tí mo ti mú ìṣe yẹn, mi ò tún ní láti bẹ ẹnikẹ́ni pé kó gbé fóònù sílẹ̀.

Ọ̀rọ̀ orí káàdì

Jẹ́ kí n pẹ́ díẹ̀ níbí, torí ibí ni ọ̀pọ̀ iṣẹ́ ti ń bàjẹ́ kí ẹnikẹ́ni tó wọlé.

Káàdì àkọ́kọ́ tí mo kọ nìyí: "Ẹ káàbọ̀ síbi iṣẹ́ ọnà yìí. Okùn yìí dúró fún ìrántí àti ohun tó so ẹ̀dá pọ̀. A rọ̀ yín láti bá oníṣẹ́ kópa nípa fífi okùn náà ṣe ohunkóhun tó bá wù yín." Mo rò pé ó dára nígbà náà. Lónìí, mo rí àṣìṣe mẹ́ta nínú rẹ̀. Mo ti sọ ìtumọ̀ okùn fún wọn kí wọ́n tó fọwọ́ kàn án, nítorí náà kí ló kù tí wọ́n fẹ́ wá? Mo pe ara mi ní "a", bíi pé ilé iṣẹ́ kan ló ń bá wọn sọ̀rọ̀. Èyí tó burú jù ni "ohunkóhun". Ọ̀rọ̀ yẹn máa ń dẹ́rù ba oníwà pẹ̀lẹ́, ó sì máa ń ṣí ìlẹ̀kùn fún ẹni tó ń wá ibi tó máa ti hùwà ìkà.

Ẹ̀ẹ̀kejì, mo gé e kúrú: "Ta kókó kan sára okùn." Ìyá àgbàlagbà kan gbé káàdì náà sókè, ó kà á jáde ketekete, ó wá béèrè láàárín gbọ̀ngàn tó dákẹ́ rọ́rọ́ pé, "Ta lò ń bá wí?" Òótọ́ ló sọ. Mo ti fẹ́ kó kúrú débi pé mo gbàgbé ẹni tó máa kà á.

Ẹ̀ẹ̀kẹta ni mo tó rí i kọ: "Ẹ rántí ohun kan tí ẹ kò tíì sọ fún ẹnì kan. Ẹ ta kókó kan fún un." Gbólóhùn àkọ́kọ́ wà fún ọkàn, èkejì wà fún ọwọ́. Mi ò béèrè pé kí ni ohun náà, mi ò sì béèrè pé ta ni ẹni náà. Kókó ni mo ní kí wọ́n fi sílẹ̀, àṣírí wọn wà lọ́wọ́ wọn.

Bí o bá ti kọ tìrẹ, mú un fún èèyàn mẹ́ta tí kò mọ nǹkan kan nípa iṣẹ́ ọnà. Gbé ohun tí wọ́n máa fi ṣe é sílẹ̀, kí o sì pa ẹnu mọ́. Bí ẹnì kan nínú wọn bá bi ọ́ ní ìbéèrè, káàdì ló jẹ̀bi, tún un kọ. Tẹ̀ ẹ́ ní lẹ́tà ńlá tí ẹni tí ojú rẹ̀ ti ń ṣú á lè kà. Má gbé e sí ẹnu ọ̀nà, torí ohun tí èèyàn kà lẹ́nu ọ̀nà, á ti gbàgbé rẹ̀ kó tó dé inú. Ibi tí ẹsẹ̀ wọn á ti dúró ni kí o gbé e sí, ní ọ̀gangan ojú wọn.

Tábìlì àti ìmọ́lẹ̀

Mo kó okùn kúrò nílẹ̀. Ẹni tó bá máa bẹ̀rẹ̀ gbé nǹkan nílẹ̀ máa kọ ẹ̀yìn sí èrò, ẹlòmíràn orókún ń dùn ún, aṣọ ẹlòmíràn ò jẹ́ kó lè bẹ̀rẹ̀. Tábìlì tó ga dé ìbàdí ni mo ń lò báyìí, mo máa ń jẹ́ kí orí okùn fì sílẹ̀ ní ọ̀dọ̀ wọn. Orí okùn tó ń fì yẹn ń pe ọwọ́ ju ẹnu mi lọ. Láti ibi tí wọ́n dúró sí dé ìdí tábìlì, kó má ju ìṣísẹ̀ mẹ́rin lọ. Bó bá jìn jù, ìrìn yẹn fúnra rẹ̀ á di eré tí wọ́n ń ṣe fún àwọn tó ń wò wọ́n.

Má tan iná sí ojú ẹni tó bá jáde wá. Orí okùn àti ọwọ́ mi ni mo ń tan iná sí, kó lè jẹ́ pé ọwọ́ èèyàn nìkan ló máa wọ inú ìmọ́lẹ̀, kí ojú rẹ̀ wà ní ibòòji. Ojú máa ń ti ọ̀pọ̀ èèyàn. Ìmọ́lẹ̀ tó dára á bá wọn bo ìtìjú yẹn.

Tábìlì kì í sì í ṣe ọ̀ranyàn. Nígbà tí oníṣẹ́ àfaraṣe kan, Marina Abramović, jókòó ní MoMA, ilé àkójọ iṣẹ́ ọnà òde òní ní New York, ní ọdún 2010, fún wákàtí tó lé ní 700 láàárín bí oṣù mẹ́ta, tí ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ lè jókòó kojú rẹ̀, tábìlì kan wà láàárín wọn ní ìbẹ̀rẹ̀. Nígbà tó yá, ó ní kí wọ́n gbé e kúrò, ó ku àga méjì àti ojú mẹ́rin. Ohun tí mo gbà láti inú ìyẹn ni pé iṣẹ́ tó ti bẹ̀rẹ̀ ṣì ṣeé tún ṣe. Bí nǹkan kan bá ń dí ọ lọ́wọ́, gbé e kúrò, kódà bó bá jẹ́ pé ó ti pé oṣù kan tí àwọn èèyàn ti ń rí i níbẹ̀.

Dídúró de ẹni àkọ́kọ́

Apá tó le jù nìyí, òun náà ni mo fẹ́ràn jù. O ti jókòó, wọ́n ti wọlé, wọ́n ti ka káàdì, kò sẹ́ni tó mira. Ìṣẹ́jú mẹ́ta á dà bí ọgbọ̀n. Ọkàn rẹ á máa sọ fún ọ pé kí o rẹ́rìn-ín sí ẹnì kan, kí o fi ojú pè é. Má ṣe é. Ojú lọ̀rọ̀ wà, bí o bá sì ti fi ojú pe ẹnì kan láàárín èrò, o ti fi ipá mú un. Bó bá jáde wá, ìtìjú ló tì í wá.

Àwọn kan máa ń fi ọ̀rẹ́ wọn sáàárín èrò pé kó kọ́kọ́ dìde. Mo mọ ohun tó ń mú wọn ṣe é, ṣùgbọ́n mi ò lè bá wọn ṣe é láé. Ara ẹni àkọ́kọ́ ni àwọn yòókù ti ń kọ́ bí a ṣe ń ṣe é. Ọ̀rẹ́ tó ti mọ iṣẹ́ náà á rìn bí ẹni tó mọ̀nà, àwọn tó tẹ̀ lé e á sì máa sín in jẹ. Àlejò gidi á wẹ̀yìn, ẹsẹ̀ rẹ̀ á gbọ̀n díẹ̀, á fi ìka kan okùn kó tó gbé e. Ìgbọ̀n yẹn ni àwọn tó wà lẹ́yìn ń wò tí wọ́n fi ń sọ nínú ara wọn pé èmi náà lè ṣe é.

Ẹni àkọ́kọ́ á wá. Láti ìgbà tí mo ti tún káàdì mi kọ, ìṣẹ́jú 26 ni ìdúró tó pẹ́ jù tí mo rí. Ọmọbìnrin kan tó máa tó ọmọ ọdún mẹ́jọ ló dìde lọ́jọ́ náà. Ìyá rẹ̀ fà á láṣọ, ó rọra yọ ara rẹ̀. Ó dé ìdí tábìlì, ó ta okùn bí ẹni ń so okùn bàtà, ó fa etí rẹ̀ méjèèjì títí wọ́n fi dọ́gba, ó wò ó, ó tún fa ọ̀kan díẹ̀. Lẹ́yìn náà ó wo ojú mi, ó mi orí, ó padà sọ́dọ̀ ìyá rẹ̀. Ìyá yẹn ló tẹ̀ lé e. Kí ó tó di pé ìyá náà parí, ìlà ti tò dé ẹnu ọ̀nà.

Bí o bá ń dúró, okùn ni kí o máa wò, tàbí ohunkóhun tí o bá gbé síwájú wọn. Bí ẹnì kan bá dé, gbé ojú dé ọwọ́ rẹ̀, má tíì dé ojú rẹ̀. Bí òun bá wò ọ́, nígbà náà ni kí o wò ó. Kí o sì mọ̀ pé ìdákẹ́jẹ́ yẹn ò ṣófo. Ní ọdún 1952, ní Woodstock, ní ìpínlẹ̀ New York, atẹdùùrù David Tudor jókòó sídìí dùùrù láti ṣe iṣẹ́ kan tí John Cage, tó ń kọ orin, kọ, kò sì tẹ ohùn kankan fún ìṣẹ́jú mẹ́rin àti ìṣẹ́jú àáyá 33. Cage sọ lẹ́yìn náà pé afẹ́fẹ́ ń fẹ́ lóde, òjò kán sórí òrùlé, àwọn èèyàn fúnra wọn sì ń pariwo bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀ tí wọ́n sì ń jáde. Nínú gbọ̀ngàn mi, mo máa ń gbọ́ bí bàtà ṣe ń há ilẹ̀, mo máa ń gbọ́ tí ẹnì kan bá fa èémí sínú kó tó gbẹ́sẹ̀. Èémí yẹn ni mo fi ń mọ̀ pé ẹnì kan ti fẹ́ wá.

Ara ń fẹ́ ìmúrasílẹ̀. Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ṣáájú, bẹ̀rẹ̀ sí í jókòó nínú yàrá rẹ pẹ̀lú aago, láti ìṣẹ́jú 30 títí o fi máa dé wákàtí mẹ́ta. Kọ ibi tó kọ́kọ́ dùn ọ́ sílẹ̀. Tèmi ni ìgbáròkó ọ̀tún, ní ìṣẹ́jú 50 gééré, aṣọ kan tí mo ká sábẹ́ rẹ̀ ló yanjú ẹ̀. Mu omi dáadáa láàárọ̀, kí o dá a dúró bíi wákàtí kan àbọ̀ kó o tó jókòó.

Ẹni tó ń ṣọ́ ọ

Ní ọdún 1974, ní Naples ní Ítálì, Marina Abramović to nǹkan 72 sórí tábìlì, ó dúró fún wákàtí mẹ́fà, ó ní kí àwọn èèyàn fi wọ́n ṣe ohun tó bá wù wọ́n sí òun. Rhythm 0 ni orúkọ iṣẹ́ náà. Òdòdó wà lára àwọn nǹkan náà, ìbọn kan àti ọta kan náà sì wà níbẹ̀. Wọ́n kọ́kọ́ ń rọra ṣe. Nígbà tó yá, wọ́n gé aṣọ rẹ̀, wọ́n gé e lára, ẹnì kan gbé ìbọn náà lé e lọ́wọ́, ó sì dojú ìbọn náà kọ ọrùn Abramović fúnra rẹ̀, kí àwọn mìíràn tó dá sí i. Mo máa ń gbọ́ tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ń ròyìn ọjọ́ yẹn bíi pé ewu rẹ̀ ló dùn jù nínú rẹ̀. Ohun tí èmi rí kọ́ ni pé ẹni tó bá sọ fún èrò pé "ohunkóhun" ti fa ìjánu iṣẹ́ rẹ̀ lé ẹni tó burú jù nínú yàrá lọ́wọ́.

Mo mọ ohun tí mo ń sọ. Ní ọdún kẹfà tí mo ti ń ṣe iṣẹ́ yìí, ọ̀gá tó ń bójú tó gbọ̀ngàn kan dúró sẹ́nu ọ̀nà, ó ń sọ fún àwọn tó ń wọlé, láìbi mí, pé, "Ẹ lè ṣe ohun tó bá wù yín sí i, kò ní sọ̀rọ̀." Ọkùnrin kan kúrò ní iwájú tábìlì, ó yí wá sẹ́yìn rẹ̀, ó ká okùn mọ́ ọrùn ọwọ́ òsì mi lẹ́ẹ̀mẹta, ó ta á, ó fà á. Kò bínú. Àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló kọjú sí, ó ń rẹ́rìn-ín sí wọn. Okùn líle tó ń họ ara ni mo ń lò nígbà náà. Ìka mi bẹ̀rẹ̀ sí í tutù, èékánná mi ń yí àwọ̀ padà lójú mi. Mo ti jẹ́ ẹ̀jẹ́ pé mi ò ní sọ̀rọ̀, mi ò sì ní àmì kankan tí mo fi lè pe ẹnikẹ́ni. Ó tó ìṣẹ́jú mẹ́rin tí mo wà bẹ́ẹ̀ kí obìnrin kan tó jáde láàárín èrò, ó kúnlẹ̀ tì mí, ó fi ìka tú u ní ìká kan, ní ìká kejì, ní ìká kẹta. Kò sọ nǹkan kan. Ó padà sí àyè rẹ̀. Ọjọ́ mẹ́sàn-án ni àpá okùn náà fi wà lára mi. Nígbà tí mo fi han ọ̀gá gbọ̀ngàn, ó ní ìyẹn ló jẹ́ kó dùn. Mi ò tún dé ibẹ̀ mọ́.

Láti ọjọ́ náà, mi ò jókòó láìsí ẹni tó ń ṣọ́ mi. Kì í ya fọ́tò, kì í kí àlejò, kì í gba tíkẹ́ẹ̀tì. Èmi nìkan ló ń wò. Ó ní àlùmọ́gàjí tí ẹnu rẹ̀ kò mú lápò. A ní àmì méjì. Bí mo bá ṣí àtẹ́lẹwọ́ òsì sókè lórí orókún mi, kó wá. Ṣùgbọ́n wọ́n lè di ọwọ́, ohun tí ọkùnrin yẹn kọ́ mi nìyẹn, nítorí náà bí mo bá di ojú méjèèjì tó sì ka ẹyọ kan dé mẹ́wàá tí mi ò tíì là á, kó wá náà. A máa ń fi àmì wọ̀nyí dánra wò ní ìgbà mẹ́wàá kí ilẹ̀kùn tó ṣí. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n máa sọ lẹ́nu ọ̀nà, èmi ni mo ń kọ ọ́, mo sì máa ń jẹ́ kí ẹni tó máa sọ ọ́ kà á sí mi létí. Bó bá sì dé ojú ẹ̀, fọhùn. Ẹ̀jẹ́ tí o jẹ́ fún iṣẹ́ kò tó ara rẹ.

Òǹwòran náà ń fẹ́ ààbò. Má ti ilẹ̀kùn mọ́ wọn. Mo máa ń to àga mẹ́wàá sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, mo kọ ọ́ sí ara wọn pé, "Ti ẹni tó fẹ́ wò nìkan." Ó yà mí lẹ́nu nígbà tí mo kọ́kọ́ ṣe é: àwọn tó jókòó síbẹ̀ ló wá ń dìde jù nígbà tó bá yá. Ẹni tó ti mọ̀ pé òun lè kọ̀, ọkàn rẹ̀ á balẹ̀ láti gbà.

Kámẹ́rà àti ìwé àkọsílẹ̀

Mo ti rí obìnrin tó ń ta kókó tí omijé ń dà lójú rẹ̀, tí ayàwòrán sì gbé kámẹ́rà sún mọ́ ọn débi pé ó lè fọwọ́ kan ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀. Ó jù okùn sílẹ̀, ó jáde. Kókó yẹn ò parí. Kámẹ́rà kan ṣoṣo ni mo ń lò báyìí, mo so ó mọ́ òkè, ó kọ ojú sí tábìlì, ọwọ́ nìkan ló ń rí. Bí mo bá fẹ́ fi ojú ẹnikẹ́ni hàn, mo máa ń béèrè lẹ́yìn iṣẹ́, lórí ìwé, mo sì máa ń jẹ́ kó mọ bó ṣe lè yí ọkàn padà.

Kọ ohun tí kò lọ dáadáa náà sílẹ̀. Oníṣẹ́ àfaraṣe kan, Tehching Hsieh, tẹ aago òṣìṣẹ́, ìyẹn ẹ̀rọ tí òṣìṣẹ́ fi ń sàmì sí ìgbà tó dé ibi iṣẹ́, ní wákàtí-wákàtí, tọ̀sán tòru, fún odindi ọdún kan, láti ọjọ́ 11 oṣù Kẹrin ọdún 1980 sí ọjọ́ 11 oṣù Kẹrin ọdún 1981. Ìgbà 8,760 ló yẹ kó tẹ̀ ẹ́. Ó pàdánù 133, ó sì kọ ìdí rẹ̀: oorun gbé e lọ nígbà 94, ó pẹ́ dé nígbà 29, ó tètè tẹ̀ ẹ́ jù nígbà 10. Torí ó ka àwọn 133 yẹn fún mi ni mo ṣe gba 8,627 yòókù gbọ́. Nínú ìwé tèmi, iye ìṣẹ́jú tí ẹnikẹ́ni ò wá wà níbẹ̀, àwọn tó jáde láìfọwọ́ kan nǹkan wà níbẹ̀, ìgbà tí ẹni tó ń ṣọ́ mi ní láti wá náà wà níbẹ̀.

Bó bá jẹ́ ìta gbangba lo ti fẹ́ ṣe é, rántí pé ẹni tó ń kọjá lọ ò ra tíkẹ́ẹ̀tì, kò sì bẹ̀ ọ́. Gba ìwé àṣẹ, kí o sì fi ẹnu ara rẹ sọ fún àwọn tó ń gbé àti àwọn tó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀ ṣáájú ọjọ́ náà. Kódà pẹ̀lú ìyẹn, àwọn aláṣẹ lè rí ohun tí o ò rò nínú rẹ̀. Ní oṣù Kìíní ọdún 2016, wọ́n mú Jelili Atiku, oníṣẹ́ àfaraṣe ọmọ Nàìjíríà, lẹ́yìn iṣẹ́ tó ṣe ní òpópónà ní Èjìgbò ní Èkó, wọ́n sì gbé e lọ sílé ẹjọ́. Jẹ́ kí ẹnì kan tó mọ òfin mọ ibi tí o máa wà àti ìgbà tí o máa wà níbẹ̀.

Lẹ́yìn tí o bá dìde

Má sá lọ sẹ́yìn. Mu omi, na ẹsẹ̀, kí o padà wá jókòó tì wọ́n fún bíi ìṣẹ́jú 20. Má béèrè pé ṣé ó dùn mọ́ wọn, torí wọ́n á ní ó dùn, ọ̀rọ̀ á sì tán. Ìbéèrè tí mo máa ń bi wọ́n ni, "Ìgbà wo lẹ pinnu pé ẹ máa dìde?" Gbogbo wọn ló máa ń rántí. Ẹnì kan ní ìgbà tí ọmọ ọwọ́ kan sunkún ni. Ẹnì kan ní òun ò pinnu, òun kàn bá ara òun ní ìdí tábìlì. Kọ ọ̀rọ̀ wọn sílẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ náà, bí wọ́n ṣe sọ ọ́ gẹ́lẹ́. Ibẹ̀ ni iṣẹ́ tó kàn ti máa ń wá.

Ibẹ̀ ni tèmi ti wá. Obìnrin kan wá ní ọjọ́ kejì iṣẹ́ kan, ó dúró síwájú tábìlì, kò ta nǹkan kan. Ó ń tọ okùn pẹ̀lú ìka, láti orí dé ìdí, ó ń wá kókó tó ta ní àná. Ó wá a pẹ́. Àwọn tó wà lẹ́yìn rẹ̀ ní ìlà dúró, ẹnikẹ́ni ò kanra. Nígbà tó rí i, ó sọ fún mi, bíi pé mo bi í, pé, "Mo pè é lánàá. Mo ti sọ ọ́." Ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í tú u. Kò tú. Ọwọ́ àwọn tó wá lẹ́yìn rẹ̀ ti fà á le. Ó fi eyín mú un. Mo na ọwọ́, mo bá a di apá kejì okùn mú kó lè rí i fà, ìgbà àkọ́kọ́ tí mo mira nínú iṣẹ́ yẹn láti ọdún wọ̀nyẹn.

Káàdì mi kò ní àyè fún ohun tó wá ṣe. Mo fi gbólóhùn kẹta kún un lálẹ́ ọjọ́ náà: "Bí ẹ bá ti sọ ọ́, ẹ padà wá tú u." Mi ò ṣe iṣẹ́ yìí ní ọjọ́ kan péré mọ́, ó kéré tán ọjọ́ méjì. Mo yí okùn padà sí okùn òwú tó sanra tó ìka kékeré, torí kì í họ ara, bí wọ́n bá sì fà á le, ó ṣì ṣeé tú. Mo gbé òwú ìránṣọ aláwọ̀ oríṣiríṣi sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, kí oníkálukú lè fi sàmì sí kókó tirẹ̀. Ní ibi tí mo ti ṣe é kẹ́yìn, kókó 163 ni wọ́n ta ní ọjọ́ àkọ́kọ́. Ní ọjọ́ kejì, èèyàn 11 padà wá tú tiwọn. Gbogbo ibi tí wọ́n ti tú u ló ṣì wọ́, mi ò sì nà án.